Ta Ni Ẹni Tó Kọjá Yẹn? Àlàyé Lórí Àwọn Tí A Kò Mọ Orúkọ Wọn Nínú Fọ́nrán Àtijọ́

Ẹ ti rí irú rẹ̀ rí. Fíìmù tó ń sọ ìtàn ohun tó ṣẹlẹ̀ gan-an, èyí tí ọ̀pọ̀ ń pè ní dọkumẹ́ńtárì, ń lọ lọ́wọ́. Ohùn asọ̀tàn ní, "Nígbà tí ogun fi máa pé ọdún mẹ́ta, ebi ti gba ìlú kan." Bó ṣe ń sọ ọ́ lọ́wọ́, obìnrin kan gbé apẹ̀rẹ̀ kọjá, ó bojú wo kámẹ́rà, ó sì ti lọ. Gbogbo rẹ̀ kò ju ìṣẹ́jú-àáyá mẹ́rin lọ. Ta ni obìnrin náà? Ṣé ebi ń pa á lóòótọ́? Ṣé ìlú yẹn ni, ṣé ọdún yẹn sì ni? Ṣé ẹnikẹ́ni tọrọ àyè lọ́wọ́ rẹ̀ kí wọ́n tó ya á? Ṣé ó yẹ kí wọ́n wá àwọn ọmọ rẹ̀ kàn kí wọ́n tó gbé e jáde lónìí?

Ohun tó ń da àwọn ènìyàn láàmú ni pé wọ́n máa ń kó gbogbo ìbéèrè wọ̀nyí pọ̀ bíi pé ìdáhùn kan ṣoṣo ló wà fún wọn. Ẹni tó sanwó fún fọ́nrán ní ilé ìpamọ́ fíìmù á gbà pé òun ti ra ojú obìnrin náà mọ́ ọn. Ẹni tí agbẹjọ́rò sọ fún pé kò sí ẹjọ́ níbẹ̀ á gbà pé ohun tí asọ̀tàn sọ nípa rẹ̀ ti di òótọ́. Ẹni tó ń wòran ní tirẹ̀ á gbà pé àwọn tó ṣe fíìmù ti mọ ẹni tí obìnrin náà jẹ́. Kò sí èyí tó rí bẹ́ẹ̀ nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta.

Ibi tí orúkọ ti ń jábọ́

Kò sí ẹni tó wọ inú fọ́nrán láìní orúkọ. Lọ́jọ́ tí wọ́n yà wọ́n, gbogbo wọn ló ń jẹ́ nǹkan kan, àwọn tó dúró tì wọ́n sì mọ̀ wọ́n. Ojú ọ̀nà ni orúkọ ti jábọ́. Ó yẹ ká mọ ibi tó ti jábọ́, torí ibẹ̀ la ó padà sí tí a bá fẹ́ wá a.

Ẹ̀yìn kámẹ́rà ni ibi àkọ́kọ́. Ní 1895, nígbà tí Louis Lumière, ará Faransé tó wà lára àwọn tó kọ́kọ́ ṣe fíìmù, gbé kámẹ́rà kọjú sí ẹnu ọ̀nà iléeṣẹ́ ẹbí wọn ní Lyon, àwọn òṣìṣẹ́ tiwọn ló yà bí wọ́n ṣe ń jáde. Fíìmù náà kò pé ìṣẹ́jú kan. Àwọn tó ń gba owó iṣẹ́ lọ́wọ́ wọn ni, síbẹ̀ kò sí orúkọ ẹnì kankan nínú ohun tí wọ́n gbé jáde. Lẹ́yìn ìyẹn, iléeṣẹ́ Mitchell and Kenyon ní Blackburn, ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, sọ irú àwòrán bẹ́ẹ̀ di òwò. Wọ́n á ya àwọn òṣìṣẹ́ bí wọ́n ṣe ń tú jáde lẹ́nu iṣẹ́, wọ́n á sì pè wọ́n kí wọ́n wá sanwó wo ara wọn. Ta ló nílò orúkọ níbẹ̀? Kálukú mọ ojú ara rẹ̀. Ṣùgbọ́n nǹkan bí 800 róòlù fíìmù wọn wà nínú àgbá irin ní yàrá abẹ́lẹ̀ ṣọ́ọ̀bù kan títí di 1994. Nígbà tí wọ́n fi rí wọn, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ má ku ẹnì kankan tó lè nàka sí i pé "èmi nìyí."

Ibi kejì ni ìwé. Àwọn oníkámẹ́rà ìròyìn máa ń kọ ìwé kan tí wọ́n ń pè ní dope sheet mọ́ róòlù tí wọ́n bá fi ránṣẹ́: ọjọ́, ibi, bí àwòrán ṣe tò tẹ̀ lé ara wọn, nígbà míràn orúkọ àwọn tó wà níbẹ̀. Àmọ́ nígbà tí wọ́n bá ṣẹ̀dà róòlù sórí téèpù, tí iléeṣẹ́ bá yí ọwọ́ padà, róòlù á gba ibì kan lọ, ìwé á wà nínú àpótí mìíràn. Ọ̀pọ̀ orúkọ tí a ń pè ní èyí tó sọnù kò sọnù rárá. Ìwé tí wọ́n wà nínú rẹ̀ ló pínyà pẹ̀lú àwòrán, kò sì sẹ́ni tó pè wọ́n padà síra wọn.

Ibi kẹta ni ọwọ́ ẹni tó ń kọ àkọsílẹ̀ ilé ìpamọ́. Róòlù ọgọ́rùn-ún lè wà níwájú rẹ̀, kó sì jẹ́ ìṣẹ́jú díẹ̀ ló ní fún ọ̀kọ̀ọ̀kan. Á kọ "àwọn obìnrin, ọjà, òpópónà," á sì kọjá sí òmíràn. Lẹ́yìn rẹ̀ ni àwọn tó ń ta fọ́nrán á gé róòlù náà wẹ́wẹ́ kí ó lè rọrùn láti tà. Ìgbà yẹn gan-an ni obìnrin wa pàdánù àwọn aládùúgbò rẹ̀, ìyẹn àwòrán tó ṣáájú tirẹ̀ àti èyí tó tẹ̀ lé e, níbi tí pátákó ìlú tàbí orúkọ ilé iṣẹ́ ti lè wà.

Àwọn kan sì wà tó jẹ́ pé wọ́n mọ̀ọ́mọ̀ má kọ orúkọ wọn ni. Nínú ọ̀pọ̀ fíìmù tí àwọn ìjọba amúnisìn ṣe, orúkọ òyìnbó tó wá ṣí afárá wà nínú àkọsílẹ̀ pẹ̀lú oyè rẹ̀. Àwọn tó kọ́ afárá náà di "ọmọ ilẹ̀ náà." Tí ẹ bá lo irú fọ́nrán bẹ́ẹ̀ lónìí tí ẹ sì tún dárúkọ òyìnbó náà nìkan, ẹ ti parí iṣẹ́ tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ fún wọn.

Àṣẹ mẹ́ta, ọwọ́ mẹ́ta

Tí ẹ bá fẹ́ lo fọ́nrán kan, ohun mẹ́ta ló wà nílẹ̀, ó sì lè jẹ́ ọwọ́ ẹni mẹ́ta ni wọ́n wà. Ta ló ni róòlù tàbí fáìlì yẹn gẹ́gẹ́ bí ohun ìní? Ta ló ni ẹ̀tọ́ àdàkọ, ìyẹn àṣẹ láti ṣẹ̀dà rẹ̀ àti láti gbé e jáde? Ẹ̀tọ́ wo ni ẹni tí ojú rẹ̀ wà níbẹ̀ ní? Ẹni tó ra àpótí róòlù àtijọ́ kan ní ọjà gbàǹjo ti ni róòlù náà, àmọ́ ẹ̀tọ́ àdàkọ sábà máa ń wà lọ́wọ́ ẹni tó yà á tàbí àwọn ajogún rẹ̀. Ilé ìpamọ́ tó ti tọ́jú fíìmù kan láti ọdún gbọ́nhan lè máà ní ẹ̀tọ́ àdàkọ rẹ̀. Kódà tí ẹ bá gba àṣẹ méjèèjì yìí pé, kò sí ojú ẹnì kankan nínú ohun tí ẹ rà.

Ẹ ka ìwé àṣẹ tí ilé ìpamọ́ bá fún yín dópin. Ẹ ó rí iye ìṣẹ́jú-àáyá tí ẹ rà, àwọn orílẹ̀-èdè tí ẹ lè gbé e jáde sí, iye ọdún, àti ibi tí ẹ lè ti fi hàn, bóyá tẹlifíṣọ̀n, ilé sinimá tàbí íntánẹ́ẹ̀tì. Lẹ́yìn ìyẹn ni gbólóhùn kan máa ń wà, ìsàlẹ̀ ló sì sábà ń wà, tó sọ pé ilé ìpamọ́ kò ṣèlérí ohunkóhun nípa àwọn tó hàn nínú fọ́nrán, pé oníbàárà ni yóò wá ìyọ̀ǹda wọn tó bá pọn dandan. Gbólóhùn yẹn ló gbé ẹrù kúrò lórí wọn tó gbé e lé yín lórí. Nígbà tí iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n bá ní kí ẹ lọ ra ìwé adójútòfò kí wọ́n tó gba fíìmù yín, ọ̀kan nínú ohun tí adójútòfò yóò béèrè ni bí ẹ ṣe yanjú ọ̀rọ̀ àwọn tó hàn níbẹ̀.

Òfin tó dáàbò bo ojú ènìyàn yàtọ̀ láti ilẹ̀ dé ilẹ̀. Ní Jámánì, òfin kan tó ti wà láti 1907 ní kí ẹ gba ìyọ̀ǹda ẹni tó wà nínú àwòrán kí ẹ tó gbé e jáde. Tó bá kú, ọwọ́ ẹbí rẹ̀ ni ìyọ̀ǹda náà wà fún ọdún mẹ́wàá. Òkú Bismarck, olórí ìjọba Jámánì nígbà kan, ló dá ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀: ní 1898, àwọn ayàwòrán méjì yọ́ wọ yàrá tí wọ́n tẹ́ ẹ sí, wọ́n sì ya á. Òfin kan náà ṣí àyè sílẹ̀ fún àwòrán tó jẹ mọ́ ìtàn ìgbà, fún àwòrán ìpéjọ àti ìwọ́de, àti fún ibi tó jẹ́ pé ilé tàbí ilẹ̀ ni wọ́n ń yà tí ènìyàn kàn wà níbẹ̀. Ẹ ó rí i pé ẹnì kan láàárín ẹgbẹ̀rún nínú ìwọ́de kò rí bákan náà pẹ̀lú ẹni tí kámẹ́rà ṣà yọ, tó sún mọ́ ọn títí ojú rẹ̀ fi gba gbogbo àwòrán.

Ní ìpínlẹ̀ New York, ìpolówó àti òwò ni òfin tí wọ́n ṣe ní 1903 dojú kọ: ẹ kò gbọdọ̀ lo àwòrán ẹni tó wà láàyè fún un láìjẹ́ pé ó fọwọ́ síwèé. Àwọn ilé ẹjọ́ ibẹ̀ sì máa ń yọ iṣẹ́ ìròyìn àti ìtàn sọ́tọ̀. Èyí ló fà á tí ojú kan náà tó wà nínú fíìmù láìsí wàhálà fi lè di ẹjọ́ lọ́jọ́ tí ẹ bá tẹ̀ ẹ́ sára aṣọ tí ẹ ń tà. Ní Quebec, ní Kánádà, ó tún le jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ní 1998, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ lórílẹ̀-èdè náà dá ọ̀dọ́mọbìnrin kan láre, ẹni ọdún mẹ́tàdínlógún tí wọ́n ya níbi tó jókòó sí lórí àtẹ̀gùn ilé kan ní Montreal tí ìwé ìròyìn kan sì gbé àwòrán rẹ̀ jáde. Kò sí ohun ìtìjú kankan nínú àwòrán náà. Wọn kò kàn tọrọ àyè lọ́wọ́ rẹ̀ ni, owó ìtanràn tó sì gbà jẹ́ 2,000 dọ́là Kánádà. Ní ti òfin dátà tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ nílẹ̀ Yúróòpù ní 2018, kò kan òkú, ó sì pa á láṣẹ fún orílẹ̀-èdè kọ̀ọ̀kan láti fàyè gba iṣẹ́ ìròyìn àti iṣẹ́ ọnà.

Nítorí náà ìbéèrè tí ẹ ó kọ́kọ́ bi fọ́nrán ni pé: ṣé ẹni yìí lè wà láàyè síbẹ̀? Ìṣirò kékeré ni. Ẹ fojú díwọ̀n ọjọ́ orí rẹ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n ya á, kí ẹ fi iye ọdún tó ti kọjá kún un. Ọmọ ọdún márùn-ún ní 1950 pé ọgọ́rin ní 2025. Àwọn ènìyàn sábà máa ń gbàgbé àwọn ọmọdé. Wọ́n á rí àwòrán aláwọ̀ dúdú àti funfun, wọ́n á sì gbà pé gbogbo ẹni tó wà níbẹ̀ ti lọ, nígbà tó jẹ́ pé ọmọ tó ń sáré tẹ̀ lé ọkọ̀ yẹn lè jókòó sí pálọ̀ rẹ̀ kó máa wo fíìmù yín.

Ọ̀rọ̀ tó bọ́ sórí ojú

Ibí yìí ni iṣẹ́ ti ń bàjẹ́ jù, òfin ò sì fi gbogbo ìgbà dá sí i. Ọ̀nà méjì ni fọ́nrán ń gbà ṣiṣẹ́ nínú dọkumẹ́ńtárì. Ó lè jẹ́ ẹ̀rí: ohun tí ẹ ń wò yìí ni ohun tí a ń sọ, ọjọ́ náà nìyí, ibẹ̀ nìyí. Ó lè jẹ́ àpèjúwe: irú nǹkan báyìí ń ṣẹlẹ̀ nígbà náà. Kò sí èyí tó burú nínú méjèèjì. Wàhálà ni pé òǹwòran kò lè mọ ìyàtọ̀ wọn tí ẹ kò bá sọ fún un, tí ẹ kò bá sì sọ, ẹ̀rí ló máa kà á sí.

Bó ṣe máa ń ṣẹlẹ̀ rèé. Olóòtú nílò ìṣẹ́jú-àáyá mẹ́jọ láti fi bo ọ̀rọ̀ kan nípa oògùn olóró ní àwọn ọdún 1970. Ó wá "òpópónà, òru, àwọn ọ̀dọ́" nínú àkójọ, ó rí àwòrán tó dára, ó lẹ̀ ẹ́ mọ́ ọn. Ọ̀dọ́kùnrin kan tó ń lọ sílé láti ibi iṣẹ́ ló wà nínú àwòrán náà. Asọ̀tàn ní "ẹgbẹẹgbẹ̀rún ló ti di ẹrú rẹ̀," lórí ojú rẹ̀ gan-an. Kò sẹ́ni tó purọ́ mọ́ ọn tinútinú, ṣùgbọ́n irọ́ náà ti wà níbẹ̀. Tó bá wà láàyè, ó lè pè yín lẹ́jọ́ pé ẹ ba òun lórúkọ jẹ́. Tó bá ti kú, ní ọ̀pọ̀ ibi tí wọ́n ti ń lo òfin Gẹ̀ẹ́sì, òkú kò ní ẹjọ́ ìbanilórúkọjẹ́ láti pè, ìyẹn ni pé kò sẹ́ni tó máa gbà á sílẹ̀ àfi ẹ̀yin tí ẹ ń ṣe fíìmù náà.

Ọ̀nà kan wà tí ẹ lè gbà yẹ ara yín wò, kò sì gba ju ọ̀sán kan lọ fún fíìmù wákàtí kan. Ẹ pa ohùn, ẹ ka ọ̀rọ̀ asọ̀tàn sókè bí àwòrán ṣe ń lọ, kí ẹ sì yí "wọ́n" padà sí "obìnrin yìí" tàbí "ọkùnrin yìí" níbi gbogbo tí ojú ẹnì kan bá ti hàn gbangba. "Obìnrin yìí ń ṣe aṣẹ́wó." "Ọkùnrin yìí tẹ̀ lé àwọn apààyàn." "Ọmọ yìí ti kó àrùn náà." Èyí tí ẹ kò bá lè fọwọ́ sọ̀yà pé bẹ́ẹ̀ ló rí, ẹ yí i padà. Ẹ lè yí ọ̀rọ̀, ẹ sì lè yí àwòrán: ẹ lo èyí tí wọ́n yà láti òkèèrè, tàbí ẹ̀yìn orí, tàbí ọwọ́, tàbí ẹsẹ̀. Nígbà míràn kò ju kí ẹ sún ibi tí ẹ ti gé e lọ. Fírémù, ìyẹn àwòrán kọ̀ọ̀kan tó para pọ̀ di fíìmù, méjìlá jẹ́ ìdajì ìṣẹ́jú-àáyá nínú fíìmù tó ń sáré ní fírémù 24, ó sì tó láti mú kí ọ̀rọ̀ tó wúwo náà bọ́ sórí ilé dípò kó bọ́ sórí ojú ènìyàn.

Kì í ṣe ẹ̀sùn nìkan ló yẹ kí ẹ ṣọ́ra fún. Ẹ̀dùn ọkàn náà wà nínú rẹ̀. "Ìrètí kún ojú wọn." Ta ló sọ bẹ́ẹ̀? Ó lè jẹ́ pé oòrùn ló wọ̀ wọ́n lójú.

Ẹ wo ohun tó ṣẹlẹ̀ sí ojú kan tó gbajúmọ̀. Ní oṣù karùn-ún 1944, ní àgọ́ Westerbork tí àwọn Násì, ìjọba Hitler ní Jámánì, ń darí ní Netherlands, ẹlẹ́wọ̀n kan tó ń jẹ́ Rudolf Breslauer ya ọkọ̀ ojú irin tó ń kó àwọn ènìyàn lọ síbi tí wọ́n ti ń pa wọ́n, nítorí ọ̀gá àgọ́ náà ló pàṣẹ pé kí wọ́n ṣe fíìmù. Ọmọdébìnrin kan tó wé aṣọ mọ́rí yọjú láàárín ilẹ̀kùn ọkọ̀ náà fún ìṣẹ́jú-àáyá díẹ̀. Fún bí àádọ́ta ọdún, àwòrán rẹ̀ ń jáde nínú fíìmù àti nínú ìwé, gbogbo ènìyàn sì gbà pé ọmọ Júù ni. Nígbà tó di 1994, akọ̀ròyìn Aad Wagenaar fìdí ẹ̀ múlẹ̀ pé Settela Steinbach ni, ọmọ Sinti (àwọn Sinti àti Roma jẹ́ ẹ̀yà tí àwọn Násì náà pa), ọmọ ọdún mẹ́sàn-án, tí wọ́n pa ní àgọ́ ìpànìyàn Auschwitz lọ́dún yẹn kan náà. Ara ohun tó là á lójú ni àpótí ẹrù kan níbòmíràn nínú fọ́nrán náà tí wọ́n kọ orúkọ àti ọjọ́ ìbí sí, tó jẹ́ kí wọ́n mọ̀ pé 19 oṣù karùn-ún ni ọkọ̀ náà gbéra. Kò sẹ́ni tó fẹ́ ibi fún ọmọ náà nínú gbogbo àwọn tó lo àwòrán rẹ̀. Síbẹ̀, nítorí pé wọn kò béèrè, ikú àwọn Sinti àti Roma fara pa mọ́ sábẹ́ ojú tó yẹ kó fi í hàn.

Ó tún yẹ kí ẹ mọ ẹni tó di kámẹ́rà mú. Ní oṣù karùn-ún 1942 àwọn oníkámẹ́rà Násì wọ àgbègbè tí wọ́n há àwọn Júù mọ́ ní Warsaw, wọ́n ya fíìmù tí wọn kò parí. Lẹ́yìn ogun, àwọn olùgbéjáde lo ara fọ́nrán náà bí ẹ̀rí òótọ́. Ní 1998 ni wọ́n rí róòlù mìíràn tí àwọn àwòrán tí wọ́n gé dànù wà nínú rẹ̀, ibẹ̀ ni wọ́n sì ti rí i pé àwọn ènìyàn kan náà ń tún ohun kan náà ṣe léraléra níwájú kámẹ́rà, torí pé wọ́n pàṣẹ fún wọn. Ebi tó ń pa wọ́n jẹ́ òótọ́. Bí wọ́n ṣe to àwọn tó yó mọ́ àwọn tí ebi ń pa ni ètò àwọn Násì. Tí ẹ bá ní irú fọ́nrán bẹ́ẹ̀ lọ́wọ́, ẹ sọ ọ́ nínú fíìmù, lójú ibi tó ti ń lọ, pé àwọn tí ẹ ń wò yìí kò lè kọ̀.

Bí a ṣe ń wá orúkọ

Ẹ má bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ègé fọ́nrán tí ẹ rà. Ẹ béèrè fún róòlù látòkè délẹ̀, ní ẹ̀dà tó dára jù tó wà, kí ẹ sì béèrè fún àwòrán ara agolo àti gbogbo ìwé tó bá a wá. Tó bá jẹ́ fíìmù Kodak, ẹ ní kí wọ́n ka àmì etí rẹ̀ fún yín. Àwọn àmì kéékèèké bíi òbíríkítí, igun mẹ́rin àti igun mẹ́ta ń sọ ọdún tí wọ́n ṣe fíìmù náà: òbíríkítí kan jẹ́ 1916, 1936 tàbí 1956, igun mẹ́rin kan sì jẹ́ ọdún tó tẹ̀ lé ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn. Ogún ọdún ogún ọdún ni àmì náà ń yí po, ẹ ó sì fi aṣọ tàbí ọkọ̀ inú àwòrán mọ èyí tó jẹ́. Ẹ rántí pé ọdún tí wọ́n ṣe fíìmù ni, kì í ṣe ọdún tí wọ́n yà á. Ó kàn ń sọ fún yín pé wọn kò lè ti yà á ṣáájú ìgbà yẹn.

Lẹ́yìn náà ni kí ẹ dá fírémù kan dúró fún ojú kọ̀ọ̀kan, kí ẹ fún un ní nọ́ńbà, kí ẹ kọ timecode rẹ̀, ìyẹn àkókò tó ti hàn nínú fọ́nrán, sílẹ̀. Nọ́ńbà ṣe pàtàkì, torí "obìnrin tó wọ búlúù" á di obìnrin mẹ́ta kí ọ̀sẹ̀ tó parí. Ẹ ka gbogbo ohun tí wọ́n kọ sára nǹkan nínú àwòrán: pátákó ṣọ́ọ̀bù, nọ́ńbà ọkọ̀, bàájì, ìwé tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ògiri. Tí ìkọ̀wé bá dojú kọ òdì kejì, ẹnì kan ti yí fọ́nrán náà láti ọ̀tún sí òsì, ẹ kọ́kọ́ yí i padà.

Nígbà tó bá wá kan kí ẹ bi ènìyàn léèrè, ẹ má fi orúkọ sí i lẹ́nu. Ẹni tí ẹ bá bi pé "ṣé Màmá Lágbájá kọ́ nìyí?" yóò rí Màmá Lágbájá. Ẹ gbé àwòrán mẹ́fà sí mẹ́jọ síwájú rẹ̀, kí ẹ dákẹ́. Tó bá dárúkọ, ẹ béèrè ohun tó fi dá a mọ̀. "Bó ṣe ń tẹ orí" lágbára ju "ojú rẹ̀ ni" lọ. Ẹ wá ẹlòmíràn tí kò bá ẹni àkọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Tí ẹni méjì bá dárúkọ kan náà láìgbọ́ ti ara wọn, ẹ lè kọ ọ́ sílẹ̀ pé ó dájú. Tó bá jẹ́ ẹnì kan ṣoṣo, ẹ kọ "ó ṣeé ṣe," kí ẹ sì fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀ kódà nígbà tí orúkọ náà bá dùn ún gbé sínú fíìmù.

Iṣẹ́ yìí máa ń pẹ́, èrè rẹ̀ sì lè kéré ní kíkà. Ní 1938, arìnrìn-àjò kan láti Amẹ́ríkà, David Kurtz, ya bí ìṣẹ́jú mẹ́ta ní Nasielsk, ìlú kékeré kan ní Poland. Nǹkan bí àádọ́jọ ènìyàn ló hàn níbẹ̀. Ọmọ ọmọ rẹ̀ rí fíìmù náà ní 2009, ilé ìrántí Holocaust, ìyẹn ìpakúpa àwọn Júù, ti Amẹ́ríkà tún un ṣe, wọ́n gbé e sórí íntánẹ́ẹ̀tì, obìnrin kan sì rí bàbá rẹ̀ àgbà níbẹ̀, ọmọkùnrin ọdún mẹ́tàlá. Bàbá náà wà láàyè, òun ló sì dárúkọ àwọn mìíràn. Lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún wíwá, díẹ̀ péré ni wọ́n rí orúkọ wọn. Ẹ wo ohun tó ṣiṣẹ́ níbẹ̀: wọ́n gbé fọ́nrán náà síbi tí àwọn tó ni ín ti lè rí i.

Ní ti ẹ̀rọ tó ń dá ojú mọ̀, ìjọra ló ń sọ. Kò mọ ẹni tí ẹnì kan jẹ́. Ẹ lè fi ohun tó bá sọ ṣe ibi tí ẹ ó ti bẹ̀rẹ̀ wíwá, ẹ má fi parí rẹ̀ láéláé.

Ìfọ̀mọ́ tó ń ba ojú jẹ́

Ohun méjì ló wà níbí. Àkọ́kọ́ ni eré tí àwòrán ń sá. Ọ̀pọ̀ fíìmù aláìlóhùn àti fíìmù 8mm inú ilé ni wọ́n yà ní nǹkan bí fírémù 16 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan, Super 8 sì jẹ́ 18. Tí ẹ bá gbé ti 16 sórí 24 láìtún un ṣe, gbogbo ènìyàn á máa sáré ní ìlọ́po kan àbọ̀, wọ́n á dà bí ọmọlángidi. Ẹni tó ń rìn tẹ̀ lé òkú lọ sí itẹ́ di ẹni ẹ̀rín. Ẹ ní kí wọ́n fún yín ní ẹ̀dà fírémù-kan-fún-fírémù-kan, kí ẹ fúnra yín wo ìrìn ẹsẹ̀ àti bí nǹkan ṣe ń jábọ́, kí ẹ yan eré tó bá a mu.

Èkejì ni AI, ìyẹn ẹ̀rọ tó ń dá àwòrán fúnra rẹ̀. Ojú tí kò ju ogún píksẹ́lì (àwọn àmì tóótòòtó tó para pọ̀ di àwòrán) lọ ní fífẹ̀ kò ní ojú nínú mọ́. Ẹ̀rọ tó bá "mú un mọ́lẹ̀" ń fi ojú ẹlòmíràn dí àyè ni. Ẹ ó rí ojú tó dán, eyín tó tò, ẹni tí kò sí láyé rí. Bẹ́ẹ̀ náà ni àwọ̀: ẹ̀rọ kò mọ àwọ̀ aṣọ obìnrin náà, ó ń méfò ni. Ní 2024, ẹgbẹ́ Archival Producers Alliance, ìyẹn ẹgbẹ́ àwọn tó ń wá fọ́nrán àtijọ́ fún dọkumẹ́ńtárì, gbé ìlànà jáde lórí lílo AI nínú dọkumẹ́ńtárì, ohun tó sì wà lọ́kàn rẹ̀ ni pé kí òǹwòran mọ èyí tí kámẹ́rà yà yàtọ̀ sí èyí tí ẹ̀rọ dá. Ní tiwa, a ò rí ìdí kan tó fi yẹ kí ẹ fún ẹni tí ẹ kò mọ̀ ní ojú tí kì í ṣe tirẹ̀.

Àwọn kan máa ń rò pé bíbo ojú ló yanjú gbogbo rẹ̀. Ó yẹ níbi tí ẹ̀mí tàbí iṣẹ́ ẹni tó wà láàyè bá wà nínú ewu. Àmọ́ tí ẹ bá bo ojú àwọn tó ń ra tòmátò ní 1958, ọ̀daràn lẹ fi wọ́n jọ.

Nígbà tí ẹnì kan bá yọjú

Ìwé kan lè dé lẹ́yìn tí fíìmù ti jáde: "Ìyá mi ni obìnrin tó gbé apẹ̀rẹ̀." Ẹ dáhùn lọ́jọ́ kejì ó pẹ́ tán, ẹ béèrè ìṣẹ́jú tó ti rí i, kí ẹ sì fi fọ́nrán ibẹ̀ ránṣẹ́ sí i láìgba kọ́bọ̀. Ó lè jẹ́ pé ìyẹn nìkan ni àwòrán ìyá rẹ̀ tó ń rìn tó wà. Tó bá ní ọ̀rọ̀ tí ẹ sọ lórí rẹ̀ kò rí bẹ́ẹ̀, ẹ yẹ̀ ẹ́ wò kí ẹ tó gbèjà ara yín. Ẹ lè tún ọ̀rọ̀ asọ̀tàn gbà, ẹ lè pààrọ̀ àwòrán nínú ẹ̀dà orí íntánẹ́ẹ̀tì, ẹ lè kọ orúkọ rẹ̀ sí òpin fíìmù. Ìbànújẹ́ náà lè wà nínú rẹ̀. Ní Australia, ó ti di àṣà kí wọ́n kìlọ̀ ṣáájú ètò fún àwọn Aborigine àti àwọn ará Torres Strait, ìyẹn àwọn ọmọ onílẹ̀ ibẹ̀, pé ojú àti ohùn àwọn tó ti kú lè wà nínú ohun tí wọ́n fẹ́ wò.

Kí ẹ tó pa fáìlì iṣẹ́ náà dé, ẹ kọ̀wé sí ilé ìpamọ́ tí fọ́nrán ti wá. Ẹ fi nọ́ńbà róòlù sí i, timecode ìbẹ̀rẹ̀ àti ìparí, orúkọ tí ẹ rí, ẹni tó sọ ọ́, ọjọ́ tó sọ ọ́, àti bóyá ó dájú tàbí ó ṣeé ṣe. Tí ẹ kò bá rí orúkọ, ẹ kọ ibi tí ẹ ti wá a dé àti àwọn tí ẹ ti bi léèrè, kí ẹni tó bá máa mú róòlù náà lẹ́yìn yín lè bẹ̀rẹ̀ láti ibẹ̀.